Kámẹ́rà Òyìnbó àti Yìgì Tó So ní Àgúà

Ẹnì kan ti gbé bàtà mi lọ ní mọ́sáláṣí láàárọ̀ yìí. Ì bá dára ká ní ó gbé méjèèjì. Ti òsì nìkan ló gbé, ó wá fi ti ọ̀tún tiẹ̀ sílẹ̀ fún mi. Bàtà ọ̀tún méjì ni mo wọ̀ délé, mò ń rìn bí ẹni tó fẹ́ yà kí gbogbo èèyàn tó ń gbé apá ọ̀tún ọ̀nà. Mo ti jókòó báyìí, mi ò sì lè jáde títí ẹsẹ̀ máa fi ro ẹni náà, kó lè mọ̀ pé òun ti ṣì í mú. Ẹ jẹ́ kí n fi àkókò yìí ṣe ohun tí Ràfíátù, ọmọ àbúrò mi, ti ń bẹ̀ mí sí láti ìgbà ààwẹ̀. Ó fẹ́ kọ́ iṣẹ́ fíìmù. Ó ní kí n kọ bí iṣẹ́ náà ṣe rí lójú tèmi sílẹ̀, kí òun àti àwọn ẹgbẹ́ òun lè kà á kí wọ́n tó pinnu. Mo rò pé ó fẹ́ kí n sọ pé iṣẹ́ náà dára ni. Ó dára. Ṣùgbọ́n ẹ kà á dé ìsàlẹ̀.

Sálíù lorúkọ mi, Bàǹtẹ̀ ni wọ́n bí mi sí. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo jókòó ṣe ìdánwò sẹ̀tífíkà. Ẹ̀ẹ̀mejì náà ni wọ́n lẹ orúkọ àwọn tó yege mọ́ ara ògiri, tí mo kà á láti òkè dé ìsàlẹ̀. Nígbà kejì, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ lọ wo ẹ̀yìn ògiri bóyá ibẹ̀ ni tèmi wà. Bàbá mi bá mú mi lọ sí Sàválù, sọ́dọ̀ ayafọ́tò kan, pé kí n kọ́ṣẹ́. Ibẹ̀ ni mo ti gbọ́ Màhí, torí èdè tí oníbàárà bá fi ń bú èèyàn kì í pẹ́ yé èèyàn. Ìṣà tiwa ti wà lẹ́nu mi tẹ́lẹ̀, mo gbọ́ Yorùbá àwọn oníṣòwò tó ti Nàìjíríà wá, Faransé ilé ìwé náà sì wà níbẹ̀, ó kàn ń tiro díẹ̀ ni.

Nínú àwọn ọdún tí àwa ń pè ní kátíré-fẹ̀n-dís, ìyẹn lẹ́yìn 1990, òyìnbó kan, ará Jámánì, wọ ṣọ́ọ̀bù ọ̀gá mi, ó sì forí gbá àtẹ́rígbà ilẹ̀kùn. Hólígà lorúkọ ẹ̀. Ó ní òun ń wá ẹni tó gbọ́ èdè agbègbè yìí, tó tún mọ ohun tí ìmọ́lẹ̀ ń ṣe lójú èèyàn. Ọ̀gá mi nawọ́ sí mi. Kì í ṣe pé mo mọ̀ ọ́n, èmi ni mo kàn wà nítòsí. Bí mo ṣe gba iṣẹ́ nìyẹn. Tí ẹ bá fẹ́ mọ ohun tí wọ́n ń san, mo jẹun, mi ò sanra.

Hólígà ti ṣe olùdarí fíìmù fún tẹlifíṣọ̀n ìlú wọn fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ẹ̀yin ọmọdé, olùdarí kọ́ lẹni tó ń gbé kámẹ́rà o. Òun lẹni tó ń sọ pé kí ẹ ṣe é, kí ẹ tún un ṣe, pé kò dára, kí ẹ tún un ṣe. Ó sọ fún mi pé ìtàn ọlọ́pàá ni òun ń ṣe nílé. Wọ́n á pa ẹnì kan níbẹ̀rẹ̀, ọlọ́pàá á máa mu kọfí káàkiri, wọ́n á mú apànìyàn níparí. Ó ti pa èèyàn báyìí lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ títí ó fi sú u. Ó ní kí òun tó darúgbó, òun fẹ́ ṣe fíìmù kan tí ẹnikẹ́ni ò ní kú nínú ẹ̀.

Mo ní, "Mèsíè, ẹ ti dé ibi tó yẹ. Ní Bàǹtẹ̀, nǹkan kan kì í ṣẹlẹ̀."

Ó mú bírò, ó kọ ọ́ sílẹ̀.

Ẹ̀kọ́ ẹ̀ le. Ọdún àkọ́kọ́, kò jẹ́ kí n fọwọ́ kan kámẹ́rà. Ó gé ojú fèrèsé kékeré sára páálí mílíìkì, ó fi lé mi lọ́wọ́, ó ní kí n máa fi wo ayé láti àárọ̀ dé ìrọ̀lẹ́, kí n wá sọ ohun tí mo rí fún òun. Mo lọ jókòó sétí ọ̀nà Bóbè, mo gbé páálí sójú. Àwọn màmá tó ń toko bọ̀ á dúró lórí mi.

"Sálíù, kí lò ń wò?"

"Iṣẹ́ ni, màmá."

"O kú iṣẹ́ o. Mílíìkì ọ̀hún tán ni, àbí o ṣì ń wá a?"

Tó bá di ìrọ̀lẹ́, Hólígà á ní, "Kí lo rí?"

"Mo rí àwọn obìnrin."

"Mélòó?"

"Mẹ́ta."

"Èwo ló rẹ̀ jù nínú wọn?"

Mi ò mọ̀. Ó ní kí n padà lọ lọ́la. Bí a ṣe ń ṣe é nìyẹn fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan, títí gbogbo ọmọdé Bàǹtẹ̀ fi gé páálí tiwọn, tí wọ́n ń tẹ̀ lé mi. Lọ́jọ́ kan mo wá sọ fún un pé ẹni àárín ló rẹ̀ jù, torí òun ló ń rẹ́rìn-ín jù, gbogbo ìgbà tó bá rẹ́rìn-ín ló ń ráyè tún ẹrù orí ẹ̀ gbé. Kò yìn mí. Ó gba páálí lọ́wọ́ mi, ó fún mi ní pákó méjì tí wọ́n ń gbá pọ̀ níwájú kámẹ́rà kí iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀. Mo gbá pákó yẹn bí ẹni tó ń ṣí ilé aṣòfin.

Nígbà yẹn, fíìmù ń jẹ́ fíìmù. Bí òwú ló ṣe wà nínú agolo, tó bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í yí, ìṣẹ́jú mẹ́wàá ló ní, kò sì sí pé a fẹ́ pa á rẹ́ ká tún bẹ̀rẹ̀. Ìdí nìyẹn tí Hólígà fi máa ń dúró. Ó lè ní kí gbogbo abúlé jókòó de ìkùukùu kan ṣoṣo. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tó gbọ́ dáadáa nínú èdè wa ni "Dúró!", làwọn èèyàn bá sọ ọ́ ní Mèsíè Dúró.

Kò sì gba ẹ̀tàn. Lọ́jọ́ kan, a ń ya ọkùnrin kan tó ń kọ ebè. Oòrùn ti ń lọ, kò tíì làágùn, ni mo bá yọ́ bu omi wọ́n ọn lórí. Hólígà fi ojú kan wo inú kámẹ́rà, ó yọ ojú, ó wò mí.

"Ta ló da omi sí i?"

"Òógùn ni, Mèsíè."

"Òógùn ti abẹ́ apá ń bẹ̀rẹ̀. Tiẹ̀ ti orí bẹ̀rẹ̀. Gba ọkọ́ kejì."

Mo kọ ebè pẹ̀lú ọkùnrin yẹn títí ilẹ̀ fi fẹ́ẹ́ ṣú. Ẹ̀yìn mi ò dúró ṣánṣán fún ọjọ́ mẹ́ta. Láti ọjọ́ yẹn, tó bá ti sọ pé òun ń fẹ́ òótọ́, òótọ́ ni mò ń lọ gbé wá. Ẹ rántí pé mo sọ bẹ́ẹ̀, torí ohun tó bà mí jẹ́ nìyẹn.

Ọdún kẹta ló wá ṣe fíìmù tó tìtorí ẹ̀ wá gan-an. Ìtàn ẹ̀ ò le. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan fẹ́ ọmọbìnrin kan, bàbá ọmọ ní kó kọ́kọ́ fi iṣu oko ara ẹ̀ hàn òun. Ọmọkùnrin á roko fún ọdún kan gbáko, wọ́n á wá so yìgì níparí. Àgúà la ti fẹ́ yà á, létí igbó ìjọba. Èmi ni igbákejì olùdarí báyìí, èmi ni mò ń wá àwọn tó máa ṣeré. Mo mú Láwànì, atúnmọ́tòṣe kan láti Gúkà, torí pé ojú ẹ̀ ò lè purọ́. Fún ọmọbìnrin, mo mú Sàlámátù.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ti Sàlámátù. Aránṣọ ni, ní Bàǹtẹ̀, ilé bàbá ẹ̀ ló gbé ẹ̀rọ sí. Ó ti tó ọdún kan tí mo ti ń gbé ṣòkòtò lọ fún un kó bá mi tún un ṣe. Nǹkan kan ò ṣe ṣòkòtò náà. Èmi ni mò ń tú u nílé. Mo máa jókòó lórí bẹ́ǹṣì, ẹ̀rọ á máa lọ, a ò ní sọ nǹkan kan tó nítumọ̀, ọjọ́ mi á sì pé. Mo ti pinnu pé tí a bá parí fíìmù, màá rán àbúrò bàbá mi sí bàbá ẹ̀. Mo tiẹ̀ ti to ohun tí mo fẹ́ kí wọ́n bá mi sọ jọ. Orí ọ̀nà Àgúà ni mo ti ń tò ó, lẹ́yìn ọkọ̀ akẹ́rù tí wọ́n ń pè ní bàṣé, pẹ̀lú eruku lẹ́nu.

Ọjọ́ tí a máa ya ìgbéyàwó wá pé. Hólígà ní, "Mi ò fẹ́ bàbá irọ́ o."

Mo ní kò burú. Bàbá Sàlámátù fúnra ẹ̀ ni mo lọ bẹ̀, ó wọ agbádá ẹ̀ wá. Ẹlẹ́rìí méjì, àgbààgbà gidi, mo mú wọn wá. Ààfáà gidi ni mo pè, tí wọ́n ń so yìgì fún gbogbo Àgúà. Sàdáàkì tí ọkọ máa gbé sílẹ̀, mo fẹsẹ̀ ara mi lọ rà á ní Sàválù: Kùránì kan àti gèlè aláwọ̀ ewé, torí mo mọ̀ pé ó fẹ́ràn àwọ̀ ewé. Mo tún wá sọ fún Ààfáà pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fo nǹkan kan o, òyìnbó yìí máa ń mọ̀." Gbogbo ẹ̀ ni mo rò. Ohun kan ló kù tí mi ò rò.

Nílé wa, ọkọ kì í sọ̀rọ̀ níbẹ̀, àwọn àgbà ẹ̀ ló ń bá a sọ ọ́. Hólígà ní kí Láwànì sọ ọ́ fúnra ẹ̀, torí ojú tiẹ̀ ni àwọn tó ń wòran ti ń tẹ̀ lé bọ̀. Láwànì gbọ́ èdè kábúrétọ̀, kò gbọ́ èyí. Ó kúnlẹ̀, ó wúkọ́, ó ní, "Bàbá, mo wá gbà á," bí ẹni tó wá gba mọ́tò tó ti ṣe tán. Gbogbo èèyàn bú sẹ́rìn-ín.

"Dúró!" Hólígà pè mí. "Kọ́ ọ ní ohun tó máa sọ. Fíìmù tó kù ò pọ̀."

Mo mú Láwànì lọ sábẹ́ igi ẹ̀mí tí wọ́n fi ń ṣe òrí. "Ẹ̀gbọ́n," ó ní, "mi ò tíì tọrọ nǹkan lọ́wọ́ ẹnì kankan rí ju ṣípánà lọ."

Mo wá ọ̀rọ̀ títí, mi ò rí. Ìyẹn tí mo ti tò jọ fún ara mi nìkan ló wà lórí mi. Mo fún un. Ó tún un kà fún mi lẹ́ẹ̀mẹta, a padà.

Mo gbá pákó. Láwànì kúnlẹ̀, ó gbójú sókè. "Bàbá, mi ò ní nǹkan tó tó ọmọ yín. Ṣùgbọ́n tó bá ń ránṣọ, mo lè jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀ láìsọ nǹkan kan, ọjọ́ mi á sì pé. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún mi."

Ọmọbìnrin inú ìtàn náà, àgbẹ̀ ni, kì í ránṣọ. Hólígà ò gbọ́ èdè wa, kò mọ̀. Sàlámátù gbórí sókè lábẹ́ gèlè, ó wo Láwànì, ó wá wo ibi tí mo wà lẹ́yìn kámẹ́rà.

Ibi tí a kọ sílẹ̀ pé kí bàbá ẹ̀ ti wúkọ́ kó tó dáhùn, kò wúkọ́ rárá. Ó ní, "Mo fún ẹ." Ààfáà gbà á lẹ́nu ẹ̀, wọ́n ka ohun tí wọ́n ń kà, wọn ò fo nǹkan kan bí mo ṣe bẹ̀ wọ́n. Wọ́n ṣàdúà, gbogbo èèyàn fọwọ́ pa ojú. Èmi náà ṣe àmín, Hólígà wò mí bíi pé kó jẹ mí.

"Ó dára," ó ní. "Ẹ tún un ṣe lẹ́ẹ̀kan sí i."

Ààfáà ní, "Kí ló wí?"

"Ó ní kí ẹ tún un ṣe."

"Tún kí ni ṣe?"

"Yìgì náà."

"Sálíù, ṣé ara ẹ yá? Yìgì ti so. Okùn ewúrẹ́ ni, tí a máa tú ká tún so?"

"Ààfáà, eré ni o. Fíìmù ni."

"Bàbá ọmọ wà níbí, àbí kò sí?"

"Wọ́n wà."

"Wọ́n ní àwọn fún un, àbí wọn ò sọ bẹ́ẹ̀?"

"Wọ́n sọ bẹ́ẹ̀."

"Ẹlẹ́rìí ńkọ́?"

"Méjì."

"Sàdáàkì dà?"

Mo nawọ́ sí Kùránì àti gèlè tó wà lórí ẹní. "Èmi ni mo lọ rà á."

"Ọlọ́run á san án fún ẹ. A kì í fi yìgì ṣeré, Sálíù. Ẹni tó bá fi ṣeré, ó ti ṣe é."

Hólígà ní, "Kí ló ń sọ?"

Gbogbo Faransé tí mo ní sá lọ. Mo ní, "Ó ní ó ti parí."

"Sọ fún un pé èmi ni mò ń sọ ìgbà tó bá parí."

Kó tó di ìrọ̀lẹ́, gbogbo wa ti wà nínú yàrá kan nílé Ààfáà, a yọ bàtà, a jókòó sórí ẹní. Nígbà tó wá yé Hólígà, ojú ẹ̀ pọ́n bí epo. Ààfáà ní ọ̀nà kan wà. Tí Láwànì bá lè la ẹnu, kó sọ pé òun fi ọmọbìnrin náà sílẹ̀, ó tán, kò sẹ́ni tó máa bú ẹnì kan. Hólígà ń bẹ Láwànì, èmi ń túmọ̀ ẹ̀. Mo bẹ̀ ẹ́ ju bí Hólígà ṣe bẹ̀ ẹ́ lọ, mo fi púpọ̀ kún un.

Láwànì ń wo àtẹ́lẹwọ́ ẹ̀ tó kún fún òróró mọ́tò. "Ẹ̀gbọ́n Sálíù, ẹ má bínú. Eré ni mo bá wá. Ṣùgbọ́n nígbà tí bàbá ní àwọn fún mi, mo ti gbà á lọ́kàn mi. Ẹnu mi yìí ò lè sọ pé mi ò fẹ́ ẹ."

Bàbá Sàlámátù yíjú sí ọmọ ẹ̀. "Ìwọ ńkọ́? Mi ò ní fipá mú ẹ. Tó ò bá fẹ́, sọ ọ́ níbí, ká jọ wá bí a ṣe máa tú u."

Ó gbójú sókè, ó ń wò mí. Kò wo Hólígà, kò wo Láwànì. Ó wò mí títí àwọn tó wà nínú yàrá fi bẹ̀rẹ̀ sí í wò mí pẹ̀lú. Bàbá ẹ̀ náà rí i.

"Sálíù," ó ní, "ó jọ pé o lọ́rọ̀ kan."

Ẹ̀yin ọmọ, mo ti lo ọdún mẹ́ta ní sísọ ọ̀rọ̀ ọlọ́rọ̀. Mo mọ bí a ṣe ń gbé e láti Faransé sí Ìṣà, láti Ìṣà sí Màhí. Tèmi ni mi ò mọ ibi tí mo ti máa mú un. Mo lanu. Ohun tó jáde ni pé, "Mèsíè ní àwọn ń bẹ yín."

Sàlámátù tẹrí ba. "Bàbá," ó ní, "ohun tí ẹ sọ níta yẹn, mo fara mọ́ ọn."

Ibi tí ìyẹn parí sí nìyẹn. Hólígà lo ìgbà kan ṣoṣo tó yà yẹn, kò sì sí èyí tó dára tó o nínú fíìmù náà. Ó fi kásẹ́ẹ̀tì ẹ̀ ránṣẹ́ sí mi. Ó kọ̀wé sí i pé àwọn èèyàn wọn ń bi òun báwo ni òun ṣe rí àwọn tó ń ṣeré bí ẹni tí kì í ṣeré. Ó tún padà wá lẹ́ẹ̀mejì, a ṣe fíìmù mìíràn nípa omi kànga, ẹnikẹ́ni ò kú, ẹnikẹ́ni ò gbéyàwó. Lẹ́tà ẹ̀ tó dé kẹ́yìn sọ pé òun ti fẹ̀yìn tì, òun ń gbin tòmátì. Ọkùnrin tó lè dá odindi ìlú dúró nítorí ìkùukùu! Mo máa ń rò ó pé ó ń sọ fún tòmátì pé kí wọ́n tún un ṣe.

Èmi jókòó sí Sàválù, mo di olùdarí fúnra mi. Mo ṣe eré kéékèèké fún àwọn abúlé. Ohun tó bọ́ mi jù ni fídíò ìgbéyàwó. Mo kọ́kọ́ gbé kámẹ́rà ńlá tó ń jẹ kásẹ́ẹ̀tì, ó wúwo débi pé èjìká mi ọ̀tún rẹlẹ̀ ju ti òsì lọ dòní. Lẹ́yìn náà ó di èyí tó ń lo káàdì tín-ínrín bí èékánná. Báyìí, tẹlifóònù ni. Ẹni tó wá jẹun níbi ìgbéyàwó, òun náà ló ń yà á, ẹnì kankan kì í dúró de nǹkan kan. Mo fẹ̀yìn tì, torí kò sẹ́ni tó ń pè mí mọ́. Bí ìgbéyàwó tí mo yà ṣe pọ̀ tó, kò sí èyí tí mi ò kọ́kọ́ bi Ààfáà bóyá gidi ni.

Mo ń ronú ìgbà yẹn púpọ̀. Ìró fíìmù tó ń yí nínú agolo. Eruku ọ̀nà Àgúà. Bí ìdákẹ́jẹ́ ṣe máa ń dé lójijì tí gbogbo ayé á máa wo ojú ẹnì kan ṣoṣo. Ràfíátù, tí o bá fẹ́ iṣẹ́ yìí, kọ́ ọ. O máa ríran dáadáa. Ẹni tó bá wà lẹ́yìn kámẹ́rà máa ń rí gbogbo nǹkan, àfi pé òun fúnra ẹ̀ kì í sí nínú ẹ̀.

Lóṣù tó kọjá, wọ́n ní mọ́tò ṣubú lu Láwànì lẹ́sẹ̀. Mo lọ kí i ní Bàǹtẹ̀. Ó ń gbádùn, ó jókòó síwájú ilé, ó na ẹsẹ̀, ó ń kọ́ àwọn ọmọọṣẹ́ ẹ̀ láti orí àga. Èèyàn rere ni. Mi ò rí ohun tí mo lè fi kórìíra ẹ̀ láti ọjọ́ yẹn, mo sì ti wá a gan-an. Ó ní ìyàwó òun wà nínú ilé, kí n wọlé lọ jẹun.

Sàlámátù wà nídìí ẹ̀rọ, ó ti wọ awò ojú. A kíra. Ó bu omi fún mi, ó padà sídìí ẹ̀rọ. Mo jókòó. Mi ò mọ ohun tó ṣe mí, àgbà ló dé tàbí ooru, mo ṣáà sọ ọ́. Mo ní, "Sàlámátù, ọ̀rọ̀ tí Láwànì sọ fún bàbá yín lọ́jọ́ yẹn, èmi ni mo ni ín. Èmi ni mo fẹ́ fi tọrọ ẹ."

Ó dá ẹ̀rọ dúró. Kò yà á lẹ́nu. Ó já òwú, ó yọ awò ojú, ó wò mí bó ṣe wò mí nínú yàrá yẹn.

"Ẹ̀gbọ́n," ó ní, "láyé mi, ẹnì kan ṣoṣo ló wá tọrọ mi lọ́wọ́ bàbá mi, ẹ̀yin lẹ sì kọ́ ọ lóhun tó sọ."